Ọjọ́ Márùn-ún Tí Màmá Ò Kí Ẹnikẹ́ni

Ọmọbìnrin tó gbé kámẹ́rà wá sí abà wa, lẹ́yìn Ìdógò, ní irú fíìmù tí òun ń ṣe kì í béèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ó ní igun kan ni òun máa jókòó sí, kí òun máa wo bí àwọn tí ẹnikẹ́ni kì í yà sọ́dọ̀ wọn ṣe ń gbé ayé wọn.

"Ẹ má wo ojú mi, ẹ má bá mi sọ̀rọ̀. Ẹ ṣe bí ẹni pé mi ò sí níbí."

Ó tún ní wọ́n máa gbé fíìmù náà dé Àjàṣẹ́, ní ìhà kejì ẹnubodè. Ìyẹn nìkan ni Màmá mi gbọ́. Ọdún keje rèé tí àbúrò mi ọkùnrin ti lọ síbẹ̀ tí kò wálé. Ọjọ́ ọdún nìkan ló máa ń pè wá. Màmá ní bó bá rí ojú òun, á rántí ọ̀nà ilé.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, ọmọbìnrin náà wọ abẹ́ àtíbàbà tí a ti ń yan gààrí. Màmá gbójú sókè nídìí agbada.

"Káàbọ̀, ọmọ mi. Ṣé ẹ̀fọn jẹ́ kí o sùn?"

Ó pa kámẹ́rà, ó jáde, ó tún wọlé. Màmá tún kí i.

Mo fa Màmá sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Mo ní bí wọ́n bá ń kí i, kò ní fi wọ́n sínú fíìmù.

"Kí ló ṣe fún wa?"

"Kò ṣe nǹkan kan, Màmá."

"Kí ló wá dé tí a fi ń bá a yan odì?"

Mo ní kí wọ́n ṣáà máa yan gààrí wọn.

Kí wọ́n má baà ṣèèṣì kí i, Màmá ò kí ẹnikẹ́ni mọ́ lábẹ́ àtíbàbà. Ìyàwó ilé kejì wá gba asẹ́, ó kúnlẹ̀, ó kí wọn. Màmá ń yí gààrí lọ. Ní ìrọ̀lẹ́, obìnrin náà wá bá mi.

"Ẹ̀gbọ́n, kí ni mo ṣe fún Màmá?"

"Fíìmù ni."

"Fíìmù ló ní kí wọ́n sọ mí di ọ̀tá?"

Ọjọ́ márùn-ún ni a fi ṣe bẹ́ẹ̀. Lọ́jọ́ tí ọmọbìnrin náà ń lọ, Màmá kí i títí ọlọ́kadà fi pa ẹ́ńjìnnì.

Oṣù mélòó kan kọjá. Lánàá, àbúrò mi pè, kì í sì í ṣe ọjọ́ ọdún.

"Ẹ̀gbọ́n mi, mo rí Màmá nínú fíìmù kan. Kí ló ń ṣe wọ́n?"

"Bíi báwo?"

"Obìnrin kan kúnlẹ̀ kí wọn, wọn ò dáhùn. Màmá tiwa? Ṣé etí wọn ti di ni, àbí wọn ò dá ènìyàn mọ̀ mọ́? Ẹ má fi pamọ́ fún mi."

Mò ń gbọ́ ohùn Màmá níta, wọ́n ń kí ẹnìkan tó ń kọjá, wọ́n ń béèrè ìyàwó rẹ̀, wọ́n ń béèrè ewúrẹ́ rẹ̀. Bí mo bá sọ fún àbúrò mi pé kámẹ́rà ló fà á, ọkàn rẹ̀ á balẹ̀, á sì jókòó sí Àjàṣẹ́. Èmi kì í purọ́. Ṣùgbọ́n mi ò mọ̀ bóyá irọ́ ni kí ènìyàn dákẹ́.

"Wá wò wọ́n fúnra rẹ," ni mo sọ.

Ó ní òun máa dé ní Sátidé.

Màmá wọlé, mo sọ fún wọn pé ó ń bọ̀.

"Ṣé ó rí ojú mi?"

"Ó rí i."

"Mo sọ fún ọ."

Ọ̀la ni Sátidé. Láti ojú ọ̀nà ni Màmá yóò ti kí i, wọ́n á máa fi oríkì ìdílé wa kí i. Àbúrò mi á rí i pé kò sí ohun tó ṣe wọ́n, yóò sì yíjú sí mi. Títí di bí mo ṣe ń kọ èyí, mi ò tíì mọ ohun tí n ó wí.