Mọ̀núrù Dọ̀bálẹ̀ Sínú Àwo

Kò sí ẹni tí kò mọ̀ ní Ìsàlẹ̀ Gángan pé olóògbé Mọ̀núrù dọ̀bálẹ̀ sínú àwo orin. Ọdún 1974 ni. Òun àti ẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń kọ orin rọ́ọ̀kì káàkiri Èkó fún ọdún gbọọrọ láìní àwo kankan, kí iléeṣẹ́ kan tó fún wọn ní ọjọ́ kan péré nínú sítúdíò. Kọ́lápọ̀, onílù wọn, ti búra fún ìyàwó rẹ̀ pé bí èyí kò bá yọrí sí rere, òun á padà sídìí iṣẹ́ káfíńtà.

Ó ku orin kan. Mọ̀núrù dijú, gìtá ń ké lọ́wọ́ rẹ̀, orí gbogbo wọn ti wú, ni ìlẹ̀kùn bá ṣí. Àlàájà Hàwáwù, ẹ̀gbọ́n ìyá Mọ̀núrù tó tọ́ ọ dàgbà, ló gbé ìrẹsì wọlé. Mọ̀núrù lajú, kò sì rò ó lẹ́ẹ̀mejì. Ó na gbalaja sílẹ̀ tòun ti gìtá: gbìì!

"Ẹ káàbọ̀ o, Àlàájà mi!"

Kọ́lápọ̀ ń lùlù lọ, inú ń bí i. Bí orin ṣe parí ni Dáfídì tó ń gba ohùn sílẹ̀ sáré jáde.

"Bùrọ̀dá Mọ̀núrù, kí lẹ ṣe yẹn? Téèpù ti tán, a ò lè tún un gbà mọ́ o!"

"Ṣé kí n máa wo àgbà lójú kí n máa ta gìtá ni?"

"Ẹ ò bá jẹ́ kí orin parí ná!"

"Kí Àlàájà wá dúró sẹ́nu ọ̀nà bí olè? Dáfídì, ta ló tọ́ ẹ gan-an?"

Àlàájà ti ń bu ìrẹsì ní tirẹ̀. "Ẹ fi ìjà sílẹ̀, ẹ wá jẹun. Gbogbo yín ti rù."

Ọ̀rọ̀ fọ́tò ẹ̀yìn àwo tún burú jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹni mẹ́rin ni wọ́n, ṣùgbọ́n Mọ̀núrù ránṣẹ́ pe gbogbo ẹni tó ti bá wọn ṣeré rí, títí kan Ṣàíbù tó bínú lọ.

Kọ́lápọ̀ pariwo. "Ṣàíbù tó kó ẹ̀rọ wa lọ?"

"Ó kó ẹ̀rọ lọ lóòótọ́. Ṣé ó kó ara ẹ̀ kúrò nínú ẹbí ni?"

Àlàájà ló jókòó sáàárín nínú fọ́tò náà. Nígbà tí àwo jáde, àwọn tó ń ta àwo ní Apọ́ngbọ̀n wo fọ́tò, wọ́n sì kó o sáàárín àwo wákà. Kọ́lápọ̀ dé ibẹ̀, ó káwọ́ lérí. Ó gbà pé ó ti parí.

Àwọn ìyá tó wá ra wákà ní kí wọ́n fi sí i káwọn gbọ́. Ariwo gìtá kọ́kọ́ lé wọn sẹ́yìn, àfi ìgbà tó dé ibi ìdọ̀bálẹ̀. "Áà, ọmọ tó lẹ́kọ̀ọ́ rèé!" Wọ́n rà á fún ara wọn, wọ́n rà á fún ọmọ wọn. Àwo náà tà débi pé Kọ́lápọ̀ ò rántí káfíńtà mọ́. Síbẹ̀, bó bá ti dé ibi gbìì yẹn, ó máa ń pòṣé.

Àìsàn mú Mọ̀núrù lọ ní 1979. Lẹ́yìn àdúrà fìdáù, Àlàájà fọwọ́ pe Kọ́lápọ̀.

"Ọmọ mi, ṣé mo ba iṣẹ́ yín jẹ́ lọ́jọ́sí?"

Láti ọjọ́ sítúdíò yẹn ni Kọ́lápọ̀ ti ní èsì ìbéèrè yìí lẹ́nu: bẹ́ẹ̀ ni.

"Ẹ ò bà á jẹ́ mà," ló sọ, kó lè tu ìyá nínú.

Àfi bó ṣe rí i pé òótọ́ lòun sọ, ni Kọ́lápọ̀ bá bú sẹ́kún. Ibi gbogbo nínú àwo náà, orin ni ọ̀rẹ́ rẹ̀ ń kọ. Ibi gbìì yẹn nìkan ló ti sọ̀rọ̀ bó ṣe máa ń sọ ọ́ nílé.