Ọwọ́ Òsì Waheedat

Ẹ má dá Kàdírì lóhùn o, mo fi Ọlọ́run bẹ̀ yín. Ọmọ bíbí inú mi ni, èmi ni mo sì mọ bí irọ́ ṣe dùn lẹ́nu rẹ̀ tó. Ó jókòó sí ṣọ́ọ̀bù mẹkáníìkì ní Ṣakí níbí, ó ń sọ fún gbogbo ayé pé òun lòun kọ́ Waheedat, ọmọ ẹ̀gbọ́n òun, ní bọ́ọ̀lù alágbọ̀n, èyí tí àwọn ọmọ ilé ìwé ń pè ní básíkẹ́ẹ̀tì. Kàdírì! Ẹni tí wọ́n ju kọ́kọ́rọ́ mọ́tò sí tí kò rí i mú! Èmi Ìyá Ṣùkúrù ni mo tọ́ ọmọ náà láti ìgbà tí wọ́n ti já a lẹ́nu ọmú. Ẹni tó bá fẹ́ gbọ́ òótọ́, kó fa àpótí, kó jókòó tì mí.

Ọdún mẹ́fà rèé tí Waheedat ti ń fi bọ́ọ̀lù yìí jẹun. Wọ́n ti fi bààlúù gbé e dé Rùwáńdà, wọ́n ti gbé e dé Íjíbítì, wọ́n tún ń sanwó fún un lórí rẹ̀. Ipò tó ń gbá ni wọ́n ń pè ní pọ́íǹtì gáàdì. Ẹ jẹ́ kí n là á yé yín bí wọ́n ṣe là á yé mi. Ẹni márùn-ún ló máa ń wà níhà kọ̀ọ̀kan, ṣùgbọ́n òun ló ń gbé bọ́ọ̀lù bọ̀ láti ẹ̀yìn, òun ló ń wo ẹni tí àyè ṣí sílẹ̀ fún, òun ló sì ń pín in, bí ìyálé tó jókòó ti ìkòkò ọbẹ̀ lọ́jọ́ iléyá. Bí kò bá mọ̀ ọ́n pín, ebi á pa gbogbo ilé. Ọmọ mi ò ga rárá. Bó bá dúró láàárín àwọn yòókù, ẹ ó rò pé ṣe ni wọ́n rán an níṣẹ́ síbẹ̀. Ẹ ṣáà jẹ́ kí bọ́ọ̀lù dé ọwọ́ rẹ̀ ná, ẹ̀yin náà á fò dìde!

Ohun tí Kàdírì kì í sọ ni pé díẹ̀ ló kù kí iṣẹ́ náà bọ́ mọ́ ọmọ yìí lọ́wọ́ ní ìbẹ̀rẹ̀, èmi gan-an tí mo tọ́ ọ ni mo sì fẹ́rẹ̀ẹ́ bà á jẹ́.

Ọlọ́wọ́ òsì ni Ọlọ́run dá a. Láti ìgbà tó ti ń rákò ni mo ti rí i pé òsì ló fi ń nawọ́ gán nǹkan. Mo ní láéláé, kì í ṣe nínú ilé tèmi. Òsì la fi ń ṣàǹdí, ta ló ń fi gba àkàrà? Bó bá fi òsì bu òkèlè, mo ti gbá a lọ́wọ́. Bó bá fi òsì na nǹkan sí àgbàlagbà, ọmọrogùn mi kò jìnnà. Odidi ààwẹ̀ kan ni mo fi àkísà wé ọwọ́ náà. Ọmọ àlè ló ń fi ọwọ́ òsì júwe ilé baba rẹ̀, ẹ̀yin náà ṣáà mọ̀ ọ́n. Kí ó tó pé ọmọ ọdún mẹ́jọ, ó ti gbọ́n. Ọ̀tún ló fi ń jẹun, ọ̀tún ló fi ń kọ̀wé, bó bá sì fẹ́ gbé omi fún àgbà, á fi ọ̀tún gbé e, á kúnlẹ̀ wọ̀ọ̀. Àwọn aládùúgbò ń kí mi kú iṣẹ́, orí mi ń wú.

Orí àpáta ni ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù ti bẹ̀rẹ̀. Gbodo ni mò ń ṣe tà, iṣu tí a bọ̀ díẹ̀ tí a sì sá gbẹ kí wọ́n tó lọ̀ ọ́ di èlùbọ́. Àpáta ẹ̀yìnkùlé wa la máa ń sá a sí. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, òjò àkọ́rọ̀ ṣú lójijì, gbogbo ilé sáré gun àpáta. Olúkúlùkù ń kó o, à ń kọlu ara wa. Waheedat, ọmọ ọdún mẹ́tàlá, kò sáré lọ síbì kankan. Ó dúró sójú kan, ó ń ju gbodo sínú apẹ̀rẹ̀ mẹ́ta tó wà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, kò wo ìkankan nínú wọn, ẹyọ kan ò sì bọ́ sílẹ̀. Òjò ti dé tán nígbà tí mo rí ọkùnrin kan tó dá ọ̀kadà rẹ̀ dúró lẹ́bàá ọ̀nà, omi ń ṣàn lójú rẹ̀, ó la ẹnu sílẹ̀.

Ó ní, "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ọmọ ta ni ọmọ yìí?"

Mo ní, "Ìwọ náà, ọmọ ta ni ọ́? Àbí òjò kì í rọ̀ níbi tí o dúró sí ni?"

Àṣé Ọ̀gbẹ́ni Adétúnjí ni, tíṣà tó ń kọ́ wọn ní eré ìdárayá nílé ìwé. Lọ́jọ́ kejì ó padà wá, ó ní òun fẹ́ kí ọmọ náà máa gbá bọ́ọ̀lù. Mo ní kò sí ọmọ tí yóò wọ pátá síta nílé mi. Ó ní ṣòkòtò gígùn wà tí wọ́n ń wọ̀ sábẹ́ rẹ̀, ó ní hìjáàbù eléré náà wà. Mo ní kó mú un wá kí n fojú mi rí i. Ó mú un wá. Mo fà á síhìn-ín, mo fà á sọ́hùn-ún, kò ya. Mo ní ó dáa.

Báyìí ni ọmọ bẹ̀rẹ̀ sí í dá wọn lára yá láti Ṣakí dé Òkéhò. Nígbà tó pé ọmọ ọdún méjìdínlógún, ẹgbẹ́ obìnrin kan ní Ìbàdàn tí wọ́n ń jẹ́ Àwòdì Òkè ránṣẹ́ pè é. Oṣù mẹ́ta ni wọ́n máa fi dán an wò. Bó bá yege, wọn á fún un ní ìwé iṣẹ́, á di ẹni tó ń gbowó oṣù. Bí kò bá yege, kó di ẹrù rẹ̀, kó padà wá bá mi nídìí gbodo.

Ohun tójú rẹ̀ rí níbẹ̀, n kò mọ̀ nígbà náà. Òun ló kéré jù nínú ẹgbẹ́, gbogbo àwọn yòókù ló jù ú lọ. Èyí tó ga jù nínú wọn ni Débọ́lá, abiyamọ ọlọ́mọ méjì, tó jẹ́ pé ó ní láti bẹ̀rẹ̀ kó tó lè wọ yàrá. Abẹ́ agbọ̀n, lápá òsì, ni Débọ́lá máa ń dúró sí. Ọwọ́ òsì ló sì yẹ kí wọ́n fi ju bọ́ọ̀lù sí i níbẹ̀. Waheedat kò lè ṣe é! Kí òun fi òsì ju nǹkan sí abiyamọ? Á yí gbogbo ara po bí òkòtó kí ọ̀tún tó lè dé ibẹ̀, kó sì tó yí tán, wọ́n ti gba bọ́ọ̀lù lọ. Èyí tó tún wá burú ni pé bó bá fẹ́ jù ú, á kọ́kọ́ tẹ orúnkún. Ẹ gbọ́ o! Ó ń kúnlẹ̀ fún ènìyàn lójú eré! Àwọn ọ̀tá mọ àṣírí rẹ̀ kíá: kí wọ́n ṣáà ti dúró sí ọ̀tún rẹ̀, ó parí.

Kóòṣì wọn, obìnrin kan tó ń jẹ́ Àtinúkẹ́, pariwo títí ohùn rẹ̀ fi há. Ìdíje tó kẹ́yìn oṣù mẹ́ta náà, Ìṣẹ́yìn ni wọ́n gbé e sí. Ó wá sọ fún Waheedat pé, "Bí mi ò bá rí ọwọ́ òsì rẹ ní Ìṣẹ́yìn, má wulẹ̀ bá wa padà sí Ìbàdàn. Ṣakí ò jìnnà síbẹ̀, kí o kúkú gba ibẹ̀ lọ sílé."

Ọmọ náà kò sọ ìkankan nínú èyí fún mi. Ohun tó sọ lórí fóònù kò ju pé, "Màmá, à ń bọ̀ wá gbá bọ́ọ̀lù ní Ìṣẹ́yìn." Háà! Ṣé mo wá máa jókòó sílé? Mo kó ènìyàn mẹ́rìnlá sínú bọ́ọ̀sì Kàdírì. Bàbá Àmúdà, ládàánì mọ́ṣáláṣí wa, ló jókòó síwájú. Láti Tẹ̀dé títí dé Komu ni Kàdírì ń fọn fèrè mọ́tò bí ẹni tó ń gbé ìyàwó, a sì ń kọrin. Nígbà tí a dé ibẹ̀, ìjókòó iwájú pátápátá la gbà. Waheedat jáde sójú pápá, ó rí wa, ó sáré wá, ó sì kúnlẹ̀ kí àwa mẹ́rẹ̀ẹ̀rìnlá níkọ̀ọ̀kan títí réfẹ́rì fi fọn fèrè mọ́ ọn.

Eré bẹ̀rẹ̀. Mo rí i tó ń yí po, mo rí i tó ń tẹ orúnkún, àwọn kan lẹ́yìn wa ń rẹ́rìn-ín. Mo yíjú sí Bàbá Àmúdà, mo ní, "Ẹ wo ẹ̀kọ́ ilé! Ẹ wo bó ṣe ń bọ̀wọ̀ fún wọn!" Bàbá ní màṣáállàhù. Wọ́n sì ń na àwọn ọmọ wa lọ ràì.

Nígbà tí wọ́n lọ sinmi, Débọ́lá tọ̀ mí wá, ó kúnlẹ̀, síbẹ̀ orí wa ń dọ́gba. Ibẹ̀ ló ti rò gbogbo rẹ̀ fún mi, látorí yíyí po dórí ohun tí kóòṣì sọ.

Ó ní, "Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa tú ọwọ́ ọmọ yìí sílẹ̀. Ní Ìbàdàn, ó ti ń gbìyànjú díẹ̀díẹ̀. Ṣùgbọ́n látìgbà tó ti rí yín níwájú níbẹ̀ yẹn, ọwọ́ náà ti kú."

Inú bí mi. Mo ní, "Ìwọ tí o jẹ́ àgbà, ṣé inú rẹ á dùn kí ọmọ àná fi òsì ju nǹkan sí ọ?"

Ó ní, "Màmá, kó fi ẹsẹ̀ jù ú sí mi, kó ṣáà tẹ̀ mí lọ́wọ́!"

Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu mi, n kò mọ ìgbà. Ṣùgbọ́n bó ṣe lọ tán, ọ̀rọ̀ náà yé mi. Èmi tí mo kó mọ́tò wá láti wá gbé ọmọ mi ga, èmi ni mo jókòó lé e lọ́wọ́. Ojú tì mí. Síbẹ̀, ẹnu mi kò lè là. Níṣojú ládàánì? Níṣojú gbogbo àdúgbò tó ti ń fi ẹ̀kọ́ ọmọ yìí kí mi?

Wọ́n padà wọlé. Ọmọ náà fi ọ̀tún nìkan jà bí akin, àwọn ọmọ wa ń lé àmì bọ̀, wọ́n ń lé e bọ̀, títí ó fi ku àmì ẹyọ kan péré kí wọ́n bá àwọn ọ̀tá dọ́gba, tí àkókò sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán. Bọ́ọ̀lù wà lọ́wọ́ rẹ̀. Àwọn méjì dí ọ̀tún rẹ̀ pa. Débọ́lá dá dúró lábẹ́ agbọ̀n lápá òsì, ó na ọwọ́ sókè gbọnrangandan. Waheedat wò ó. Lẹ́yìn náà ó wò mí. Ẹ̀yin ènìyàn, ojú tó fi wò mí yẹn, ojú ọmọ ọdún mẹ́ta ni.

N kò mọ ìgbà tí mo dìde. Mo ní, "Waheedat! Fi òsì fún un! Èmi ìyá rẹ ni mo ní kó o fi òsì fún un! Mo yọ̀ǹda!"

Gbogbo ibẹ̀ yíjú sí mi. Bàbá Àmúdà náà fò sókè pẹ̀lú ọ̀pá rẹ̀, ó ní, "Àwa náà yọ̀ǹda! Ọ̀tún wẹ òsì, òsì wẹ ọ̀tún..." Kí ó tó parí òwe, bọ́ọ̀lù ti lọ! Òsì ni! Ó gba abẹ́ apá ọ̀tá kọjá, ó bọ́ sọ́wọ́ Débọ́lá, Débọ́lá sì gbé e sínú agbọ̀n bí ẹni gbé ẹyin. A kígbe! Kàdírì ju fìlà rẹ̀ sókè, a kò rí fìlà náà mọ́ títí dòní.

Ẹ wá wo ọmọ mi. Ó sáré kúrò lójú pápá, ó wá dọ̀bálẹ̀... rárá, ó kúnlẹ̀ níwájú mi, ó ní, "Màmá, ẹ má bínú." Eré ò tíì parí o! Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́sàn-án ṣì kù! Àwọn ọ̀tá ti gba bọ́ọ̀lù, wọ́n ń sáré lọ, ẹni mẹ́rin péré ló kù níhà tiwa. Kóòṣì káwọ́ lérí. Mo ti Waheedat dànù, mo ní, "Aṣiwèrè ọmọ, padà síbẹ̀!" Ó fi eré sí i, ó lé ẹni tó fẹ́ ju bọ́ọ̀lù bá láti ẹ̀yìn, ó sì fi òsì gbá bọ́ọ̀lù náà dànù. Fèrè dún. A borí! Mo jó títí gèlè mi fi tú.

Nígbà tí ariwo rọlẹ̀, Kóòṣì Àtinúkẹ́ mú ìwé iṣẹ́ wá, ó tẹ́ ẹ sórí bẹ́ǹṣì níwájú wa, ó gbé bírò lé e. Waheedat dúró, ó wo ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì. Kò mú bírò. Ó ń wò mí. Mo dìbọ́n bí ẹni pé mò ń wá gèlè mi nílẹ̀, mo kọ ẹ̀yìn sí i, mo pẹ́ níbẹ̀ dáadáa. Nígbà tí mo yíjú padà, ó ti bu ọwọ́ lùwé tán, ó ń rẹ́rìn-ín. Ọwọ́ wo ló fi kọ ọ́? Èmi ò bi í.