Búrẹ́dì Ẹlẹ́yin àti Oyin Àna Mi

Ẹni tó bá mọ̀ mí yóò sọ fún yín pé n kò mọ bí a ti í dákẹ́. Ní ọ́fíìsì o, ní ṣọ́ọ̀ṣì o, lórí ìlà níbi tí a ti ń ra epo ọkọ̀, mo gbọ́dọ̀ rí ẹnì kan fi ṣe yẹ̀yẹ́ kí ọkàn mi tó balẹ̀. Ìyàwó mi ní bí mo bá kú, màá ṣì bá àwọn tó gbé pósí mi ṣàríyànjiyàn pé wọn ò gbé e dọ́gba. Àmọ́ ẹnì kan ṣoṣo wà tí mo bá ti rí, ahọ́n mi á ká bí ẹní. Àna mi ni, ìyá tó bí ìyàwó ọmọ mi. Ìdí tó fi rí bẹ́ẹ̀ kò ju oúnjẹ àárọ̀ ọjọ́ kan lọ.

Nígbà tí ìyàwó ọmọ mi bímọ lọ́dún tó kọjá, ilé wa ní Jahi, ní Àbújá, ni a fẹnu kò sí pé ká ti sọ ọmọ lórúkọ, nítorí yàrá kan ni ọmọ mi àti ìyàwó rẹ̀ ń gbé. Àna mi gbéra láti Òkè-Ògùn, ó wá bá wa wẹ ọmọ. Obìnrin pẹ́lẹ́ńgẹ́ ni, ó jókòó ṣánṣán, ohùn rẹ̀ kì í kọjá ẹnu ọ̀nà yàrá tó bá wà. Láràárọ̀, bí ó bá ti rí mi, á ti fẹ́ kúnlẹ̀. Èmi náà, tí mo mọ̀ pé àwa la gba ọmọ lọ́wọ́ wọn, á ti fẹ́ dọ̀bálẹ̀. Á ní, "Rárá o, àna mi, ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀." Èmi náà á ní kò ṣeé ṣe. Nílẹ̀ẹ́lẹ̀ ni àwa méjèèjì ti ń pàdé.

Nígbà tí ìsọmọlórúkọ ku ọ̀la, ìyàwó mi jí lọ sí ọjà Kado láti ra ẹja. Ó ti dé ẹnu ọ̀nà kó tó yíjú padà.

"Dádì, tíì àti búrẹ́dì ni kí ẹ fún Màmá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dáná kankan."

"Èmi fẹ́ se oúnjẹ àlejò."

"Oúnjẹ àlejò tí ẹ sè fún pásítọ̀ lọ́jọ́sí ńkọ́? Ṣé pásítọ̀ ti padà wá?"

Ó bá tirẹ̀ lọ. Ẹ̀yin náà ẹ wò ó, ṣé ọkùnrin á gbọ́ irú ọ̀rọ̀ yẹn kó tún lọ jókòó?

Oúnjẹ kan ṣoṣo wà tí mo mọ̀ ọ́n sè láyé mi: búrẹ́dì tí a rì sínú ẹyin, èyí tí àwọn ọmọ ń pè ní fúrẹ́ǹṣì tósìtì. Búrẹ́dì ọ̀tun kò dára fún un. Èyí tó ti sùn mọ́jú, tó ti le díẹ̀, ni kí ẹ lò. Mo gé e nípọn bí ìwé orin. Mo po ẹyin mọ́ mílíìkì inú agolo, mo fi iyọ̀ díẹ̀ sí i. Mo rì í, mo yí i, mo rọra yọ ọ́ kó tó rọ̀ jù. Mo fi bọ́tà sínú páànù, mo dín iná kù, mo sì dúró tì í bí ẹ̀ṣọ́ báńkì títí ó fi pọ́n rẹ́súrẹ́sú.

Ó wá ku omi dídùn tí a ó dà lé e. Ṣúgà kò sí nílẹ̀. Wọ́n ti kó gbogbo rẹ̀ mọ́ ẹrù ọ̀la. Ni mo bá rántí oyin tí mo rà létí títì ní Kwali, nígbà tí mo ń ti ìrìn àjò bọ̀. Mo ṣí kọ́bọ́ọ̀dù, mo na ọwọ́ sínú rẹ̀, mo sì fa ìgò kékeré kan yọ. Ṣùkù àgbàdo ni wọ́n fi dí i lẹ́nu. Oyin inú rẹ̀ dúdú bí tíì tí ó ti gbàgbé ara rẹ̀ lórí iná. Mo ní, "Àwọn ará Kwali mà gbìyànjú o!" Mo dà á sínú ìkòkò.

Ó ki, ó lẹ̀ mọ́ ìsàlẹ̀ ìgò. Ìyá tó bí mi kò kọ́ mi ní ìfiṣòfò. Mo da omi gbígbóná sí i, mo mì ín, mo tún da ìyẹn náà sínú ìkòkò. Mo rin atalẹ̀ sí i. Mo yọ kóró inú dàbínò, mo gún un sí i. Mo fún ọsàn wẹ́wẹ́ sí i kó má baà dùn jù. Mo fi ṣíbí bọ́tà kan parí rẹ̀. Nítorí ẹnu ìyàwó mi, mo fi ọṣẹ àti kànìnkànìn fọ ìgò náà dáadáa, mo dojú rẹ̀ dé sẹ́gbẹ̀ẹ́ síńkì. Ṣùkù àgbàdo, mo jù ú sí ibi tí à ń da ilẹ̀ sí.

Àna mi ti wẹ ọmọ tán, ó ti tẹ́ ẹ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyá rẹ̀, àwọn méjèèjì ti sùn. Mo pè é sídìí tábìlì.

"Ẹ̀yin lẹ dáná? Ẹ̀yin ọkùnrin?"

"Ẹ ṣáà tọ́ ọ wò ná."

Ó jẹ ọ̀kan. Ó jẹ èkejì. Ó fi etí búrẹ́dì nu àwo rẹ̀ yípo, ó wá gbójú sókè.

"Omi orí rẹ̀ yìí dùn o. Ó dùn ju ṣúgà lọ. Kí lẹ fi ṣe é?"

"Àṣírí ni," mo dáhùn. "Ẹni tó bá fẹ́ mọ̀ ọ́n, á fún wa ní ọmọ mìíràn fẹ́."

Ẹ̀rín pa á. Ó fọwọ́ bo ẹnu, èjìká rẹ̀ ń mì. Láti ìgbà tó ti dé, n kò tíì rí i kó rẹ́rìn-ín. Mo wú bí búrẹ́dì tó ti mu ẹyin yó.

Ó kọ̀ kí n gbé àwo òun. Ó gbé e lọ sí síńkì fúnra rẹ̀. Mo gbọ́ tí omi ń dà, omi sì dúró. Nígbà tí mo wọlé, ó gbé ìgò náà dání, ó di ojú kan, ó ń fi ojú kejì wo inú rẹ̀.

"Àna mi, oyin inú ìgò yìí ńkọ́?"

Ọlọ́run ló mọ ohun tó ń ṣe mí. Mo rẹ́rìn-ín, mo ní, "Inú yín ló wà!"

Kò rẹ́rìn-ín. Ó fa àga, ó jókòó, ó gbé ìgò náà lé itan. Ohùn rẹ̀ kò yí padà nígbà tó ń sọ ọ́. Ìgò ìyá ìyá rẹ̀ ni. Gbogbo ọmọ tí wọ́n bí ní ìdílé wọn, oyin inú rẹ̀ ni wọ́n fi ń wúre fún un. Wọn kì í jẹ́ kó tán. Bó bá ti ń lọ sílẹ̀, wọ́n á bu tuntun lé ti àtijọ́. Òun jẹ nínú rẹ̀. Ọmọ rẹ̀ tó wà nínú yàrá jẹ nínú rẹ̀. Ọjọ́ tó dé ló ti gbé e fún ìyàwó mi pé kó bá òun tọ́jú rẹ̀ di ọjọ́ ìsọmọlórúkọ.

"Ti ìyá ìyá mi ṣì wà nínú rẹ̀," ó ní. "Ìwọ̀nba tó lẹ̀ mọ́ ìsàlẹ̀ yẹn."

Ìsàlẹ̀ yẹn gan-an ni mo fi omi gbígbóná ṣàn.

Ibẹ̀ la wà tí ìyàwó mi fi wọlé pẹ̀lú ẹja. Ó wo ìgò, ó wo ìkòkò, ó wo ojú mi. "Dádì!" Ó na ọwọ́ sí ẹ̀yìn kọ́bọ́ọ̀dù, ó gbé ike oyin Kwali jáde, ìdérí rẹ̀ wà lórí rẹ̀ digbí, kò sẹ́ni tó tíì ṣí i.

Mo dọ̀bálẹ̀. Mo dúró kí n gbọ́ "Rárá o, àna mi, ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀." N kò gbọ́ ọ. Ilẹ̀ kíṣíìnì tutù mọ́ mi láyà, bọ́tà tó ta sílẹ̀ lẹ̀ mọ́ mi ní ìgbọ̀nwọ́, mo sì wà níbẹ̀ títí tó fi sọ̀rọ̀.

"Ẹ dìde. Ṣé ó ṣẹ́kù nínú ìkòkò?"

Ó ṣẹ́kù díẹ̀. Ó fi ìka ara rẹ̀ ha á sínú ìgò, títí ìkòkò fi mọ́. Èmi ni mo lọ tú pàǹtí títí mo fi rí ṣùkù àgbàdo lábẹ́ èèpo ẹyin. Mo fọ̀ ọ́, mo gbé e fún un pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì. Ó bu oyin Kwali lé èyí tó wà nínú ìgò, ó dí i.

"Díẹ̀ náà ti tó," ó ní. Bóyá èmi ló ń sọ fún, bóyá ìgò ni.

Lọ́jọ́ kejì, ọ̀kan nínú àwọn àgbà ìjọ wa gbé ìgò náà sókè. "Dídùn là ń bá nílé olóyin. Oyin kì í kan. Ayé ọmọ yìí kò ní kan láéláé!"

"Àmín!"

Nọ́ọ̀sì ti kìlọ̀ pé a ò gbọdọ̀ fi oyin kan ọmọ ìkókó lẹ́nu, nítorí náà ìyá ọmọ ló tọ́ ọ wò fún un. Ó fi ahọ́n lá a. Ojú rẹ̀ kan sì pa dé fúnra rẹ̀. Ọsàn wẹ́wẹ́ mi! Ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ wúre fún pé ayé ọmọ rẹ̀ kò ní kan, òun ló ń fún ojú pọ̀ níwájú gbogbo ìjọ. Wọ́n gbé àwo kékeré yíká. Ẹnì kan wúkọ́. Màmá kan lẹ́yìn mi ní, "Oyin yìí mà ń ta lẹ́nu o. Ṣé bí oyin Àbújá ṣe ń rí nìyí?"

"Oyin ilé wa ni, ẹ̀yin èèyàn mi," àna mi dáhùn. "Bó ṣe rí nìyẹn."

Kò wo ọ̀dọ̀ mi. Bàtà mi ni èmi ń wò. Ká ní ó sọ ọ́ jáde ni, wọn ì bá fi mí ṣe ẹlẹ́yà títí ilẹ̀ á fi ṣú, màá sì mọ bí mo ṣe máa bá wọn rẹ́rìn-ín. Ọ̀nà mi nìyẹn. Ó bò mí láṣìírí dípò bẹ́ẹ̀, ìbora yẹn sì wúwo lọ́rùn mi. Gbogbo ìyókù ọjọ́ tó lò lọ́dọ̀ wa, mo ń gba ẹ̀yìn wọlé.

Ọjọ́ tó ń padà sílé, èmi ni mo gbé e lọ sí gáráàjì ní Utako. Ó fi gèlè wé ìgò náà, ó gbé e lé itan bí ọmọ. Mo bá a gbé ẹrù, ó wọ ọkọ̀, mo ti fẹ́ sá lọ nígbà tó pè mí lójú fèrèsé.

"Àna mi, wọ́n máa bi mí nílé pé kí ló wà nínú rẹ̀. Ẹ kà á fún mi."

Ọkọ̀ ti kún. Gbogbo ojú wà lára mi.

"Oyin Kwali," mo ní.

"Mo mọ ìyẹn."

"Atalẹ̀. Dàbínò. Ọsàn wẹ́wẹ́."

"Kai!" ọkùnrin kan ké lẹ́yìn. "Bàbá, ẹ ò wá fi alùbọ́sà sí i?" Gbogbo ọkọ̀ bú sẹ́rìn-ín. Dẹ́rẹ́bà náà rẹ́rìn-ín. Àna mi gbé ọwọ́ sókè kí wọ́n dákẹ́; ó ń fi ìka ka nǹkan tí mo sọ, ètè rẹ̀ ń mì bí ẹni tó ń há oríkì sórí.

"Kí ló tún kù?"

Mo sọ ọ́ sínú.

"Ẹ sọ ọ́ sókè, àna mi. N kò gbọ́."

"Bọ́tà!" mo ké láàárín gáráàjì. "Bọ́tà ni, ẹ dákun."