Fóòmù Èjìká Òsì

Tíṣà, ẹ ní ká kọ àròkọ lórí ọjọ́ tí a kò lè gbàgbé. Ọjọ́ tí dókítà eegun ní kí n bọ́ aṣọ ni ọjọ́ tí n kò lè gbàgbé láéláé.

Láti ìgbà tí èjìká mi òsì ti ń rẹlẹ̀ ni màmá mi ti ń ní kí télọ̀ wa l'Ọ́jà Ọba rán fóòmù sí èjìká òsì gbogbo aṣọ mi, títí kan yunifọ́ọ̀mù. "Ta ló fẹ́ fi abuké ṣe aya?" ni ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀.

Nígbà tí n kò lè mí dáadáa mọ́ la tó dé ọsibítù. Dókítà ní kí n bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. Ó fọwọ́ tọ eegun ẹ̀yìn mi. Ó wọ́ kọ́lọkọ̀lọ. Ó wá mú aṣọ mi, ó tẹ fóòmù náà wò.

"Màmá, ẹ ti mọ̀ tipẹ́! Ká ní ẹ tètè mú un wá ni, à bá ti de bẹ́líìtì líle mọ́ ọn lára kí eegun náà má wọ́ sí i. Ó ti pẹ́ jù báyìí, àfi iṣẹ́ abẹ."

"Ẹ rọra sọ̀rọ̀, dókítà," ni màmá mi wí. "Àwọn èèyàn wà níta."

A kò gba ilé lọ. Ọ̀dọ̀ télọ̀ la gbà. Màmá mi tì mí síwájú rẹ̀: "Ìkórè ṣọ́ọ̀ṣì wa ti dé tán. Bá mi fi fóòmù kún ti aṣọ rẹ̀."

Báwo ni n ó ṣe gbàgbé? Tíṣà, ẹ fọwọ́ kan èjìká mi òsì.