Ẹrù Tó Ṣẹ́kù Nínú Ẹ̀jẹ̀ Bàbá Ọkọ Mi

Ẹ jẹ́ kí n ti sọ ọ́ ṣáájú: n kò ní dárúkọ bàbá ọkọ mi nínú ìtàn yìí. Kì í ṣe pé mo gbàgbé orúkọ náà. Mo ti pè é rí, mo sì san adìẹ lórí rẹ̀.

Ní ilé ọkọ mi ní Ìsùadà, gbogbo ẹni tí ìyàwó bá nílé, ì báà ṣe ọmọ tó ń rá kòrò, ọkọ rẹ̀ ni. Kò gbọdọ̀ pe orúkọ rẹ̀; bó bá pè é, adìẹ ni yóò fi san ìtanràn. Ìnagijẹ la máa ń fún wọn, ibẹ̀ la sì ti máa ń gbẹ̀san ìyà tí wọ́n bá fi jẹ wá. Àbúrò ọkọ mi kan wà tí ikùn rẹ̀ máa ń ṣáájú rẹ̀ wọlé, Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ ni mò ń pè é. Ṣùgbọ́n ta ni yóò fún bàbá ọkọ ní ìnagijẹ? Bàbá ni, ó parí.

Iṣẹ́ nọ́ọ̀sì tí mò ń ṣe ní Ọ̀wọ̀ kò mọ ìyẹn. Wọ́n kọ́ wa pé bí aláìsàn bá dákẹ́, kí á pe orúkọ rẹ̀ sí i létí, orúkọ tí wọ́n sọ ọ́ gan-an, kí á lè mọ̀ bóyá ó ṣì wà pẹ̀lú wa. Ọjọ́ pẹ́ tí òfin ilé àti òfin iṣẹ́ ń bá ara wọn gbé láìjà. Ọdún 1995 ni wọ́n kọlu ara wọn.

Òtútù àyà ló gbé Bàbá dè. Ó ti ń wúkọ́ láti ìgbà tí wọ́n ti ń wa iṣu, ó ní eruku oko ni. Nígbà tí wọ́n fi gbé e dé ọ̀dọ̀ wa, èémí rẹ̀ ti ń já, ètè rẹ̀ sì ti ṣú. Wọ́ọ̀dù mi ni wọ́n gbé e sí, ní igun àwọn tí àìsàn wọn le. Mo kúnlẹ̀ kí i lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì, mo dìde, mo sì ní kó bọ́ bùbá rẹ̀. Ó wò mí bí ìgbà tí mo ní kó gúnyán fún mi.

Mo ní, "Ẹ má bínú, Bàbá. Níbí, èmi ni mò ń pàṣẹ."

Ó fi èémí tó kù fún un dáhùn pé, "Kò burú. Tá a bá dé ulé, à á yanjú ẹ̀." Ọmọ Àkókó ni mí, torí náà Yorùbá tí gbogbo ayé gbọ́ ló máa ń bá mi sọ, ṣùgbọ́n Ọ̀wọ̀ kò kúrò lẹ́nu rẹ̀ rí.

Dókítà wa ṣẹ̀ṣẹ̀ ti òkè òkun dé ni, iná iṣẹ́ ṣì ń jó lára rẹ̀. Ẹ̀rọ kan wà nílé ìwòsàn wa nígbà náà tí àwọn kan fi tọrẹ, tó máa ń ka iye ọ́síjìn tó wà nínú ẹ̀jẹ̀. A kẹ́ ẹ ju ìyàwó àṣẹ̀ṣẹ̀gbé lọ. Ó ní yàrá tirẹ̀, ó ní ẹ̀rọ amúlétutù tirẹ̀, àwa tí à ń tọ́jú èèyàn sì ń fi páálí fẹ́ ara wa. Dókítà ki rọ́bà tín-ín-rín kan bọ inú iṣan ọrùn Bàbá títí tó fi súnmọ́ ọkàn, ibẹ̀ la sì ti ń fa ẹ̀jẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Ẹ̀jẹ̀ tó ti yí gbogbo ara ká, tó ń padà bọ̀ wálé, ló ń fẹ́.

Bàbá fara dà á ní ìgbà àkọ́kọ́. Nígbà kejì, ó ní, "Ìyàwó, ẹ̀jẹ̀ mi tẹ́ ẹ̀ ń fà yìí, ta lẹ ń tà á fún?"

Dókítà jókòó tì í, ó ṣàlàyé títí òógùn fi bò ó. Bàbá ń mi orí, mo sì mọ̀ pé ọ̀wọ̀ lásán ló fi ń mi í. Nígbà tí dókítà lọ tán, mo ní, "Bàbá, ẹ jẹ́ ká ní ẹ kó ọgọ́rùn-ún iṣu lọ sọ́jà Ìdóànì. Bí ará ibẹ̀ bá yó, ẹ lè kó àádọ́rin bọ̀. Bí ebi bá ń pa wọ́n, wọ́n á já iṣu gbà lórí ọkọ̀, ẹ̀yin á sì fọwọ́ lásán bọ̀ wálé. Ẹ̀jẹ̀ yín ló ń ru afẹ́fẹ́ lọ fún ara. Èyí tó ṣẹ́kù bọ̀ la fẹ́ kà, ká lè mọ bí ebi ṣe ń pa ara yín tó."

Ó ní, "Kí n kó ọgọ́rùn-ún usu lọ, kí n kó àádọ́rin bọ̀? Irú òwò wo nìyẹn?"

"Òwò ìlera ni, Bàbá."

Láti ọjọ́ náà, bí mo bá ti gbé sírínjì dé, ìbéèrè kan ló máa ń bi mí: "Usu mélòó ló bọ̀?"

Yìnyín ni wàhálà wa. Ẹ̀jẹ̀ náà gbọ́dọ̀ wà nínú yìnyín títí yóò fi dé iwájú ẹ̀rọ. Bí kò bá tutù, ẹ̀jẹ̀ á jẹ nínú ẹrù tó rù kó tó débẹ̀, iye tí a bá kà á sì di irọ́. Àmọ́ iná mọ̀nàmọ́ná ìgbà náà kò ṣeé gbára lé, jẹnẹrétọ̀ wa sì wà fún ẹ̀rọ ọ̀hún àti yàrá iṣẹ́ abẹ nìkan. Ọ̀dọ̀ ìyá kan tó ń ta ẹja tútù nítòsí mọ́sáláṣí àárín ìlú la ti ń rí yìnyín. Yóò fi ọ̀bẹ gbẹ́ ẹ kúrò lára ẹja kọ́tẹ̀, yóò ní, "Nọ́ọ̀sì, ẹ bá mi kí Bàbá. Ọ̀fẹ́ ni o, ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ wọn kan ẹja mi." Ọkùnrin tó ń ṣọ́ ẹ̀rọ máa ń yínmú. Ó ní aláìsàn wa yìí nìkan ni ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń rùn bí ọbẹ̀.

Fún ọjọ́ mélòó kan, iṣu ń bọ̀ wálé dáadáa. Bàbá wá ń gbéraga. Ó ń ròyìn iṣu rẹ̀ fún àwọn àgbà tó kù ní wọ́ọ̀dù bí ẹni tó gba ẹ̀bùn àgbẹ̀ tó dára jù lọ. Bàbá ará Ìdásẹ̀n kan tó ṣẹ́ egungun itan, tí kò sí ohun tó ṣe èémí rẹ̀, pè mí sí kọ̀rọ̀, ó béèrè ìdí tí a kò fi ka iṣu tirẹ̀. Ó ní ṣé òun kò roko ni.

Lẹ́yìn náà ni ọ̀sán kan dé tí Bàbá sùn. Ojú rẹ̀ fara balẹ̀, kò wúkọ́, ìyá ọkọ mi tó jókòó níbi ẹsẹ̀ rẹ̀ sì ń dúpẹ́ pé oorun gidi wá rí i kùn. Inú èmi náà dùn. Mo rọra fa ẹ̀jẹ̀ kí n má bàa jí i. Ẹ̀jẹ̀ náà ṣú bí omi aró. Nígbà tí èsì máa fi dé, iye tó bọ̀ kò tó àádọ́ta, dókítà sì ń sáré tẹ̀ lé èsì náà bọ̀.

Ó ní, "Èyí kì í ṣe oorun. Pè é."

Mo pè, "Bàbá!"

Gbogbo àgbà tó wà ní wọ́ọ̀dù ló dáhùn, àfi òun.

"Bàbá ọkọ mi!"

Ará Ìdásẹ̀n ní, "Kí ló dé, ìyàwó?"

Ká ní ọjọ́ mìíràn ni, ǹ bá rẹ́rìn-ín. Dókítà pe orúkọ Bàbá fúnra rẹ̀, ó pè é dáadáa, ó fi ọwọ́ gbá a léjìká. Kò mira. Dókítà yíjú sí mi, ó ní, "Ohùn tó mọ̀ ni kó gbọ́. Kí lò ń dúró dè?"

Mo wo ìyá ọkọ mi. Ìyàwó ni òun náà nínú ilé yẹn, láti ogójì ọdún ó lé, kò pe orúkọ náà rí. Ó fi etí gèlè nu ojú. Ó ní, "Pè é. Èmi ni mo ní kó o pè é."

Ẹ̀rù bà mí, mo sọ òótọ́. Kì í ṣe ẹ̀rù èèwọ̀. Mo ń rò ó pé orúkọ yìí ló kù lọ́wọ́ wa, bí mo bá pè é tí kò bá dáhùn, kò sí ohun mìíràn tí n óò tún pè. Mo fi ẹnu sí etí rẹ̀, mo sì pe orúkọ tí bàbá rẹ̀ sọ ọ́, pátá, láìfi Bàbá síwájú, láìfi nǹkan kan sẹ́yìn.

Ojú kan là. Ó fi ìka ti ike ọ́síjìn kúrò lẹ́nu díẹ̀.

"Ta nìyẹn?"

"Èmi ni, Bàbá."

"Adìẹ kan," ló wí, ó sì tún di ojú náà.

Dókítà ní ọpọlọ rẹ̀ ṣì pé, a sì dìde sí iṣẹ́. A fi kún ọ́síjìn rẹ̀. Àyẹ̀wò fi hàn pé ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ kò tó, pé àwọn tó ń ru iṣu ti dín kù, ọkọ mi sì na apá fún wọn láti fa tirẹ̀ kún un. Nígbà tí ilẹ̀ máa fi ṣú, iye náà ti ń gòkè. Bàbá gbọ́ ìṣísẹ̀ mi, ó ní, "Usu mélòó?" Mo sáré wọ ilé ìdáná wọ́ọ̀dù, mo sunkún níbẹ̀ tẹ́rùn.

Nígbà tó délé, kò gbàgbé. Ó pe gbogbo ilé jọ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, ó ní ìyàwó kan pe orúkọ òun ní gbangba, níwájú ará Ìdásẹ̀n. Ìyá ọkọ mi jẹ́rìí pé òun ló fún mi láṣẹ. Bàbá ní ó dára bẹ́ẹ̀, kí òun náà mú adìẹ tirẹ̀ wá. A san méjèèjì. Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́ ló jẹ èyí tó pọ̀ jù níbẹ̀, ṣùgbọ́n iwe adìẹ tèmi, tí obìnrin kì í bá wọn dù nínú ilé yẹn, Bàbá yọ ọ́ nínú àwo rẹ̀, ó gbé e lé mi lọ́wọ́.

Ní ọdún 1999, wọ́n ránṣẹ́ pè mí láti Ìsùadà ní ọ̀sán ọjọ́ ìsinmi kan. Bàbá ti darúgbó gan-an nígbà náà. Orí ẹní ló wà, ojú rẹ̀ fara balẹ̀. Mo fi ọwọ́ kan iṣan ọrùn rẹ̀, ní ibi tí rọ́bà ti wọlé ní ọjọ́ kìíní, mo sì mọ̀. Ìyá ọkọ mi sún fún mi ní ẹ̀gbẹ́ ẹní.

Ó ní, "Pè é bó o ṣe pè é lọ́jọ́sí."

N kò lè sọ fún un pé kò wúlò mọ́. Mo fi ẹnu sí etí rẹ̀, mo pè é. Mo tún pè é, kíkan, bí ẹni tó fẹ́ kó bínú, àwọn ọmọdé tó wà lójúde náà gbọ́ ọ. Kò sí ẹni tó bu adìẹ lé mi.