Ìyá Téèpù àti Ìwé Tí Ọ̀gá Ò Kà

Ẹ bá mi rí nǹkan! Ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tó jẹ́ ti gbogbo ìlú, obìnrin kan tí wọn ò tiẹ̀ fún ní fáànù ló mọ ohun tó wà níbẹ̀ jù. Ìyá Téèpù là ń pè wọ́n. Ọdún mọ́kàndínlọ́gbọ̀n ni wọ́n fi ṣọ́ yàrá téèpù, tí wọ́n ń fi aṣọ gbígbẹ nu téèpù lọ́kọ̀ọ̀kan: fíìmù wa àtijọ́, àwọn àgbẹ̀ tó ń ṣàlàyé iṣẹ́ wọn, àwọn obìnrin tó ń pàlọ́. Kámẹ́rà lèmi ń gbé níbẹ̀, ojú mi ló ṣe.

Ọ̀gá tuntun bá dé, tòun ti kóòtù nínú ooru. Ó ní ká pa téèpù àtijọ́ rẹ́, ká fi gba ọ̀rọ̀ àwọn èèyàn ńlá àti eré ilẹ̀ òkèèrè sílẹ̀. Ó ní ta ló tún ń wo àwọn arúgbó wọ̀nyẹn.

Lọ́dọ̀ wa, a kì í pa téèpù rẹ́ àfi tí ọ̀gá bá fọwọ́ sí ìwé tí a to orúkọ àwọn tó wà nínú téèpù náà sí. Ìyá Téèpù gbé ìwé náà lọ, wọ́n kúnlẹ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ kà á ná. Ohùn àwọn òbí wa ni. Kí làwọn ọmọ ó fi mọ ara wọn lọ́la?"

"Mà, ẹ má fi àkókò mi ṣòfò." Ó fọwọ́ sí i bí ẹni ń lé eṣinṣin. Alákọ̀wé!

A pa téèpù wọ̀nyẹn rẹ́, Ìyá Téèpù sì sunkún lọ́jọ́ yẹn. Látìgbà náà, àwọn ọmọ wa ń dá ìyá wọn lóhùn bíi tinú eré òkèèrè, a ní ọ̀làjú ni. Ọ̀làjú kẹ̀!

Ọdún méjì lẹ́yìn náà, ìyá ọ̀gá kú. Ìgbà àkọ́kọ́ rèé tí yóò wọ yàrá téèpù.

"Ẹ̀gbọ́n mi ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ fún mi pé màmá wa pàlọ́ níbí nígbà tí òun ṣì kéré. A ò ní ohùn wọn níbòmíì. Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹ bá mi wá a."

Ẹ gbọ́, ó mọ "ẹ jọ̀ọ́"! Àbámọ̀ ní í gbẹ̀yìn ọ̀rọ̀.

Ìyá Téèpù béèrè orúkọ, wọ́n sì fa ìwé ọjọ́sí yọ. Orúkọ màmá rẹ̀ ló wà ní ìlà kẹrìnlá. Ìbuwọ́lùwé tirẹ̀ ló wà nísàlẹ̀.

Ọ̀gá fi ìka tẹ orúkọ náà. "Ṣé kò sí nǹkan kan lórí téèpù yẹn mọ́ ni?"

"Ó wà, sà."

Wọ́n ti téèpù bọ inú ẹ̀rọ. Ọ̀gá fúnra rẹ̀ ló yọ, nínú kóòtù, níbi tó ti ń ṣí ibi ìgbọ́kọ̀sí, tó ń sọ bí a ó ṣe tọ́jú àṣà wa. Ogójì ìṣẹ́jú ni. Ìyá Téèpù fa àga fún un, wọ́n sì jẹ́ kó wò ó tán.