Nígbà Tí Ìyá Ọkọ Mi Lọ Ṣọ́ Àwọn Ọlọ́pàá

Oyún mi ti pé oṣù mẹ́jọ nígbà tí ọkọ mi sá lọ. Awakọ̀ lọ́rì ni, yanrìn ọ̀sà ló máa ń kó láti Ajah lọ sí Èkó. Wọ́n ní ọkọ̀ rẹ̀ ni wọ́n fi kó símẹ́ǹtì tí wọ́n jí níbi tí wọ́n ti ń kọ́lé. Bó ṣe gbọ́ pé wọ́n ti mú ọmọọṣẹ́ inú ọkọ̀ rẹ̀, kò wálé mọ́. Títí dòní, n kò lè búra pé kò mọ̀ sí i. Ṣùgbọ́n mi ò mọ ibi tó wà.

Ọlọ́pàá kò gbà. Wọ́n fi ọkùnrin kan tí kò wọ aṣọ iṣẹ́ sábẹ́ igi fúrúùtù tó kọjú sílé wa. Bí mo bá lọ fọṣọ, á tẹ̀lé mi. Bí ìyá ọkọ mi bá pàtẹ ẹja yíyan, á dúró tì í, á máa bi àwọn oníbàárà pé, "Ẹ mọ ọmọ ìyá yìí?" Kò pẹ́ tí wọn ò yà lọ́dọ̀ ìyá mọ́. Àwọn ará àdúgbò tó ń fa omi kànǹga wa náà bá ẹsẹ̀ wọn sọ̀rọ̀.

Mo bí obìnrin. Lọ́jọ́ ìkómọ, ọkùnrin náà mú ẹni méjì wá. Wọ́n bọ́ bàtà, wọ́n jókòó lórí ẹní wa, wọ́n jẹun wa. Ta ni í lé àlejò níbi ìkómọ? Àáfà ń ṣàdúrà lọ́wọ́ nígbà tí àbúrò ọkọ mi wọlé, Ẹ̀pẹ́ ló ti wá. Òun àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ jọra bí ìbejì. Kíá, wọ́n gbá a lọ́rùn ẹ̀wù mú.

"Èmi kọ́! Àbúrò rẹ̀ ni mí!"

"Kò burú. Bí ẹ̀gbọ́n bá dé, àbúrò á máa lọ sílé."

Bí wọ́n ṣe mú un lọ nìyẹn. Ẹ̀rù bà mí débi pé n kò gbọ́ orúkọ tí àáfà pe ọmọ mi.

Lọ́jọ́ kejì, ìyá ọkọ mi lọ fẹjọ́ sùn ní tésàn. Wọ́n bi í pé ta ló ṣẹ̀ ẹ́. Ó nawọ́ sí ọkùnrin abẹ́ igi, tó jókòó síbẹ̀ tó ń jẹ ẹ̀pà. Ni gbogbo wọn bá bú sẹ́rìn-ín.

Ìyá ò bá wọn jà. Láàárọ̀ ọjọ́ tó tẹ̀ lé e, ó gbé àpótí ìjókòó àti igbá ẹja rẹ̀, ó lọ jókòó sẹ́nu ọ̀nà tésàn.

"Ìyá, kí lẹ ń ṣe níbí?"

"Ẹ̀yin ń ṣọ́ ilé mi. Èmi náà wá ṣọ́ ilé yín."

Ẹni tó bá wọlé, ẹni tó bá jáde, á kí i, á ní, "Ọmọ mi tí ò jalè wà nínú ibẹ̀." Ọjọ́ kẹfà ni ọ̀gá wọn jáde sí i fúnra rẹ̀, ló bá tú àbúrò náà sílẹ̀. Àpá wà ní ọrùn ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì.

Nígbà tí òjò bẹ̀rẹ̀, a ò rí ọkùnrin abẹ́ igi mọ́. Ẹnikẹ́ni ò sọ ohunkóhun fún wa. Ọmọ mi ti ń sọ̀rọ̀ kí bàbá rẹ̀ tó ti Kútọnu dé, kò sì sẹ́ni tó wá mú un.

Àbúrò ọkọ mi ò wá sílé wa mọ́. Mo lọ bẹ̀ ẹ́ ní Ẹ̀pẹ́.

"Ìyàwó wa, mi ò bá ẹ bínú," ló wí. "Ṣùgbọ́n ẹ̀gbọ́n mi gbọ́ pé wọ́n tì mí mọ́lé. Ó gbọ́, kò wá."

Mo délé, mo bi ọkọ mi bóyá lóòótọ́ ló gbọ́. "Ta ló rán ẹ lọ sí Ẹ̀pẹ́?" ló fi dá mi lóhùn.